Bí mo ṣe ṣírò owó kaṣíà tí báǹkì alájẹṣẹ́kù lé lẹ́nu iṣẹ́

Lọ́yà ló gbé iṣẹ́ náà fún mi: kí n ṣírò gbogbo owó tí báǹkì kékeré kan, tí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù dá sílẹ̀ n'Ìbàdàn, jẹ kaṣíà tí wọ́n gbaṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Kaṣíà náà gbà pé owó oṣù láti ọjọ́ tí wọ́n ti lé òun títí di ọjọ́ ìdájọ́ ni òun máa gbà. Ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ ló ń rò bẹ́ẹ̀, àmọ́ kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tí òfin fúnra rẹ̀ bá la ọ̀nà tí wọ́n fi lè yọ ọ́ níṣẹ́ ló máa ń rí ìyẹn gbà, bíi ti ẹjọ́ Olaniyan àti Yunifásítì Èkó lọ́dún 1985, níbi tí ilé-ẹjọ́ tó ga jùlọ ti ní kí wọ́n dá àwọn olùkọ́ náà padà sẹ́nu iṣẹ́. Báǹkì aládàáni kò sí nínú ìyẹn, ìbáà jẹ́ alájẹṣẹ́kù ló ni ín. Àdéhùn iṣẹ́ ni adájọ́ máa wò, owó oṣù dípò ìfitónilétí ló sì dájú. Ìyókù owó wà nínú ohun tí òṣìṣẹ́ ti ṣiṣẹ́ fún kí wọ́n tó lé e, ibẹ̀ ni mo sì dojú kọ.

Mo kọ́kọ́ wá ẹni tó gbà á síṣẹ́ gan-an. Orúkọ ẹgbẹ́ ló wà lórí lẹ́tà ìgbanisíṣẹ́, àmọ́ àpò báǹkì ni owó oṣù ti ń wá. Iléeṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀ tó ń rí sí ọ̀rọ̀ alájẹṣẹ́kù ló forúkọ ẹgbẹ́ sílẹ̀. CAC, iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tó ń forúkọ iléeṣẹ́ sílẹ̀, ló forúkọ báǹkì sílẹ̀, báǹkì àpapọ̀ ló sì fún un ní ìwé àṣẹ. Ẹnìkan ọ̀tọ̀ ni èkíní lójú òfin, ẹnìkan ọ̀tọ̀ ni èkejì. A pe àwọn méjèèjì lẹ́jọ́, nítorí bí a bá pe ẹyọ kan, kò ní pẹ́ tó máa sọ pé èkejì ló gbà á síṣẹ́.

Owó oṣù rẹ̀ jẹ́ ₦120,000: owó iṣẹ́ gangan ₦48,000, owó ilé ₦30,000, owó ọkọ̀ ₦18,000, àjẹmọ́nú yòókù ₦24,000. Ẹ má ṣe fi àròpọ̀ nìkan ṣe é, nítorí ohun kan wà fún ìdá kọ̀ọ̀kan.

Wọ́n ní kó lọ rọ́kún nílé fún oṣù 7. Ìwé ìlànà òṣìṣẹ́ ní ìdajì owó oṣù ni wọ́n máa san fún ẹni tó ń rọ́kún nílé, kò sì gbọdọ̀ kọjá oṣù 3. Wọ́n san ìdajì fún oṣù 3, wọ́n wá dákẹ́ fún oṣù 4 tó kù. Ẹni tí wọ́n ní kó lọ rọ́kún nílé ṣì jẹ́ òṣìṣẹ́. Ilé-ẹjọ́ tó ga jùlọ sọ ọ́ kedere nínú ẹjọ́ Longe àti First Bank lọ́dún 2010. Nítorí náà, oṣù 4 lọ́nà ₦120,000 jẹ́ ₦480,000. Ìdajì tí wọn kò san ní oṣù 3 àkọ́kọ́ ńkọ́? Mi ò kọ ọ́ sí i, torí ìwé ìlànà kò sọ pé wọ́n máa dá a padà. Adájọ́ tó bá rí owó kan tí kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í fura sí ìyókù.

Owó oṣù kan dípò ìfitónilétí jẹ́ ₦120,000. Owó ìsinmi jẹ́ ìdá 10 nínú ọgọ́rùn-ún owó iṣẹ́ gangan ọdún kan, ìyẹn ₦57,600. Àròpọ̀ gbogbo rẹ̀ jẹ́ ₦657,600.

Lẹ́tà tí wọ́n fi lé e pè é ní olè, ìgbìmọ̀ ìbáwí kò sì pè é kó wá wí tẹnu rẹ̀. Agbanisíṣẹ́ tó bá sọ ìdí tó fi lé èèyàn gbọ́dọ̀ fìdí rẹ̀ múlẹ̀. Nínú ẹjọ́ British Airways àti Makanjuola lọ́dún 1993, owó oṣù ọdún 2 ni ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn fọwọ́ sí fún ẹni tí irú ìdọ̀tí bẹ́ẹ̀ ta bá orúkọ rẹ̀. A béèrè ₦2,880,000, àmọ́ gẹ́gẹ́ bí owó ìtanràn fún orúkọ tó bàjẹ́ ni a kọ ọ́. Bí ẹ bá pè é ní owó oṣù, wọ́n á ní ẹ kò ṣiṣẹ́ fún un, ọ̀rọ̀ sì tán.

Ti owó ìfẹ̀yìntì ló gba àkókò mi jù. Mo gba àkọsílẹ̀ RSA rẹ̀, ìyẹn àpò owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀, lọ́wọ́ PFA, iléeṣẹ́ tó ń bójú tó o, mo tò ó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìwé owó oṣù. Oṣù 11 ni wọ́n ti yọ ìdá 8 nínú ọgọ́rùn-ún lára owó rẹ̀ tí kò dé àpò RSA. Àròpọ̀ owó iṣẹ́ gangan, ilé àti ọkọ̀ jẹ́ ₦96,000. Ìdá 8 tirẹ̀ àti ìdá 10 ti agbanisíṣẹ́ jẹ́ ₦17,280 lóṣù, oṣù 11 sì jẹ́ ₦190,080. Òfin owó ìfẹ̀yìntì ọdún 2014 ní ọjọ́ iṣẹ́ 7 lẹ́yìn ọjọ́ owó oṣù ni kí wọ́n fi ránṣẹ́, ìtanràn rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ dín ní ìdá 2 nínú ọgọ́rùn-ún lóṣù. Má ṣe kó owó yìí pọ̀ mọ́ èyí tó ń bọ̀ lọ́wọ́ òṣìṣẹ́. Inú RSA ló ń lọ.

Báǹkì ní kaṣíà náà jẹ àwọn ní ₦412,000 ẹ̀yáwó. ₦310,000 ló wà nínú ìwé tirẹ̀. Ohun tó fa ìyàtọ̀ ni pé láti ọjọ́ tí wọ́n ti lé e ni wọ́n ti gbé èlé kúrò ní ti òṣìṣẹ́ sí ti oníbàárà. A béèrè ibi tó ti fọwọ́ sí ìyẹn, wọn ò rí i. Ẹ béèrè àkọsílẹ̀ ẹ̀yáwó ní oṣù kọ̀ọ̀kan, kì í ṣe àròpọ̀ lásán. Ìpín ìdókòwò àti owó àjọ rẹ̀ lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ sì tún jẹ́ ọ̀rọ̀ ọ̀tọ̀.

Gbogbo ohun tó ti inú kọ̀ǹpútà tàbí fóònù jáde, àkọsílẹ̀ báǹkì, ímeèlì, WhatsApp, ni mo so ìwé ẹ̀rí ìpín 84 Òfin Ẹ̀rí 2011 mọ́, ìyẹn ìwé tó jẹ́rìí sí bí ẹ̀rọ náà ṣe gbé e jáde. Ọ̀pọ̀ ẹ̀rí gidi ni wọ́n ti dà nù nítorí ìwé ojú kan yìí. Lọ́yà ló kó wọn lọ sí ilé-ẹjọ́ òṣìṣẹ́ n'Ìbàdàn pẹ̀lú àlàyé ẹjọ́, orúkọ ẹlẹ́rìí àti ìbúra wọn, ó sì béèrè èlé tí kò dín ní ìdá 10 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún lẹ́yìn ìdájọ́.

Báǹkì yàn láti yanjú rẹ̀ kí ìdájọ́ tó dé, wọ́n sì gbé ìwé wá pé kó fọwọ́ sí i pé ó ti gba gbogbo owó rẹ̀ tán. A ní kí wọ́n kọ owó kọ̀ọ̀kan sínú rẹ̀ ná, torí ẹni tó bá fọwọ́ sí irú ìwé bẹ́ẹ̀ lófìfo kò tún lè padà sẹ́jọ́. A tún béèrè àtẹ tí nọ́ńbà PEN rẹ̀, ìyẹn nọ́ńbà ìdánimọ̀ àpò RSA rẹ̀, àti orúkọ oṣù kọ̀ọ̀kan wà nínú rẹ̀, kí wọ́n fi ránṣẹ́ pẹ̀lú owó RSA. Láìsí àtẹ yẹn, PFA kò ní mọ ẹni tó ni owó náà.