Nọ́mbà ìsàlẹ̀ ewé ni kẹ́ ẹ fi wá ìwé orin
Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń ṣe kátálọ́ọ̀gì ìwé orin tí wọ́n kọ nóòtì sí, ẹ yéé fi àkọlé wá a. Nọ́mbà tí ilé ìtẹ̀wé tẹ̀ sísàlẹ̀ ewé (“plate number” ni wọ́n ń pè é, kì í ṣe nọ́mbà ojú ìwé o) ni kẹ́ ẹ fi wá a. Iṣẹ́ kan náà lè ní àkọlé ní èdè Jámánì, Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì (ká má tilẹ̀ sọ ti “Sonata”, ìyẹn orúkọ irú orin kan, tó pọ̀ bí eṣú), àmọ́ nọ́mbà yẹn kì í gbọ́ èdè kankan. Gbogbo ewé ló sábà máa ń wà, tí èèpo ìwé bá ti já dànù, kò séwu. Abala 028 nínú MARC (ìlànà tí kọ̀ǹpútà ilé ìkówèésí fi ń to àkọsílẹ̀ ìwé) ni kẹ́ ẹ kọ ọ́ sí, kẹ́ ẹ fi orúkọ ilé ìtẹ̀wé tì í, torí ilé méjì lè ní nọ́mbà kan náà. Ẹ má ṣáà fi mọ ọdún o: wọ́n lè tún ìwé tẹ̀ láìyí nọ́mbà padà.