Ẹ̀yìn tó ń ro aránṣọ: ṣé egungun ni àbí iṣan?

Ìbéèrè: Aránṣọ ni mí ní Kubwa, l'Ábújá. Láti ìgbà tí iṣẹ́ Iléyá ti wọlé ni mo ti ń jókòó ti ẹ̀rọ láti òwúrọ̀ di alẹ́. Bí mo bá fẹ́ dìde, àfi kí n fọwọ́ ti orúnkún kí n tó lè nàró. Àwọn ará ilé ní jẹ̀díjẹ̀dí ni; mo ti mu àgbo tán ní ìgò méjì, síbẹ̀ ìsàlẹ̀ ẹ̀yìn mi kò yéé ro mí. Ṣé egungun mi ti yẹ̀ ni?

Ìdáhùn: Kò jọ bẹ́ẹ̀. Egungun 26 ni ó wà ní ọ̀pá ẹ̀yìn àgbàlagbà: 7 ní ọrùn, 12 níbi tí àwọn egungun ìhà so mọ́, 5 ní ìsàlẹ̀ ẹ̀yìn, àti méjì ní ìdí, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn jẹ́ àkópọ̀ egungun kéékèèké tó ti lẹ̀ pọ̀. Ṣùgbọ́n egungun wọ̀nyí kì í dá dúró: iṣan gígùn tó gba ọ̀tún àti òsì wọn kọjá ni ó ń mú wọn nàró, bí ìgbà tí a bá fi okùn de òpó kí afẹ́fẹ́ má bàa gbé e ṣubú. Ẹ fi ìka tẹ ẹ̀gbẹ́ ọ̀pá ẹ̀yìn yín nísàlẹ̀, kí ẹ wá tẹ̀ síwájú díẹ̀. Ohun tó le gírígírí lábẹ́ ìka yín yẹn, òun ni. Ní gbogbo ìgbà tí ẹ bá tẹ orí ba kí ojú yín lè tó abẹ́rẹ́, iṣan yìí ni kò jẹ́ kí ẹ ṣubú lu ẹ̀rọ, ó sì ti rẹ̀ ẹ́.

Ìbéèrè: Iṣẹ́ kò lè dúró. Ṣé kí n kàn dùbúlẹ̀ fún ọjọ́ méjì ni?

Ìdáhùn: Rárá o. Tìmùtìmù tó wà láàárín egungun kan sí èkejì kò fẹ́rẹ̀ẹ́ ní iṣan ẹ̀jẹ̀ kankan, ìrìn àti ìnara sì wà lára ohun tó ń jẹ́ kí oúnjẹ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ẹ fi pákó sábẹ́ ẹsẹ̀ tábìlì ẹ̀rọ kí abẹ́rẹ́ lè súnmọ́ ojú yín, kí ẹ sì máa dìde rìn díẹ̀ nígbàkúùgbà tí òwú ìsàlẹ̀ bá tán. Ní ti ọmọ tí a máa ń ní kó gun ẹ̀yìn wa, ó lè tuni lára fún ìṣẹ́jú díẹ̀, ṣùgbọ́n kò wo nǹkan kan sàn.

Ìbéèrè: Ìgbà wo ni ó di ti ilé ìwòsàn?

Ìdáhùn: Bí ẹsẹ̀ bá ń kú tàbí tí kò lágbára mọ́, bí abẹ́ bá kú tipiri, tàbí bí ìtọ̀ bá há tàbí tó ń dà fúnra rẹ̀, ọjọ́ náà gan-an ni kí ẹ lọ, kí aṣọ Iléyá ṣì wà lórí ẹ̀rọ.