Tòlótòló Ọdún Tó Ṣẹ́kù: Ẹ Fi Yan Oúnjẹ Páànù Pẹ̀lú Ànàmọ́ Òyìnbó

Tòlótòló tí a bọ̀, tí a sì tún dín fún ọdún, kì í pẹ́ gbẹ. Bó bá fi máa di ọjọ́ kejì, tí ẹ bá tún dà á sínú òróró gbígbóná, ṣe ni yóò le bí okùn. Ohun tó ń fẹ́ nígbà náà ni omi àti ọ̀rá, kí iná má sì pẹ́ lára rẹ̀. Ìdí nìyí tí oúnjẹ páànù inú ófùn, tí àwọn òyìnbó ń pè ní casserole, fi bá a mu jù: ọbẹ̀ mílíìkì tó ki ni yóò bo ẹran náà, ànàmọ́ òyìnbó yóò wà nísàlẹ̀ àti lókè rẹ̀. Èyí tí a ṣàlàyé síbí yóò tó ènìyàn mẹ́fà.

Ẹ kọ́kọ́ wo ibi tí ẹran náà sùn. Ẹran sísè tó ti ju wákàtí 2 lọ lórí tábìlì kò yẹ ní jíjẹ mọ́. Bí ooru bá kọjá 32°C, bó ṣe sábà máa ń rí l'Ábújá lọ́sàn-án, wákàtí 1 péré ni. Ẹ má jẹ́ kí ọyẹ́ òwúrọ̀ tàn yín jẹ. Nínú fíríìjì, ó lè lo ọjọ́ 3 sí 4. Bí wọ́n bá mú iná lọ, fíríìjì tí ẹnikẹ́ni ò ṣí yóò ṣì tutù fún nǹkan bíi wákàtí 4. Fírísà tó kún, nǹkan bíi wákàtí 48. Èyí tó kún dé ìdajì, 24. Nítorí náà, alẹ́ ọjọ́ ọdún gan-an ni kí ẹ ti já ẹran kúrò lára egungun, kí ẹ pín in sínú ọ̀rá kéékèèké, kí ẹ sì kó o sí fírísà. Ẹran nìkan o! Ànàmọ́ òyìnbó sísè tó bá ti dì nínú fírísà máa ń dà bí iyanrìn lẹ́nu tó bá yọ́, yóò sì máa ṣomi.

Ẹ wá 500g ẹran tí kò ní egungun, 1kg ànàmọ́ òyìnbó, àlùbọ́sà ńlá kan, kárọ́ọ̀tì mẹ́ta, tàtàṣé kan, ata rodo méjì, ṣíbí ìjẹun mẹ́ta bọ́tà àti díẹ̀ tí ẹ máa fi ra òkè, ṣíbí ìjẹun mẹ́rin fúláwà, 250ml omi ẹran, 250ml mílíìkì, táìmù àti kọ́rì díẹ̀. Mílíìkì agolo ti ki jù, ẹ fi omi là á, ìdajì sí ìdajì. Páànù tó fẹ̀ tó 20cm, tó gùn tó 30cm, tó sì jìn tó 5cm, ló gbà á.

Ní ọjà Wuse tàbí Kubwa, ẹ sọ fún àwọn Hausa tó ń tà á pé dankalin Turawa lẹ fẹ́. Bí ẹ bá sọ pé dankali lásán, wọ́n lè wọn ànàmọ́ dídùn fún yín, ìyẹn á sì ba adùn oúnjẹ yìí jẹ́. Èyí tó ń wá láti agbègbè Jos dára gan-an. Ẹ má ra èyí tí ara rẹ̀ ti di àwọ̀ ewé, torí ó korò, ó sì ní májèlé.

Egungun tí ẹ já ẹran kúrò lára rẹ̀, ẹ sè é pẹ̀lú ààbọ̀ àlùbọ́sà fún wákàtí kan, kí ẹ sẹ́ ẹ. Omi ẹran yín nìyẹn.

Ẹ bẹ ànàmọ́, kí ẹ gé e pẹlẹbẹ, kó má nípọn ju 3mm lọ. Ẹ bọ̀ ọ́ nínú omi oníyọ̀ fún ìṣẹ́jú 5, ẹ sẹ́ ẹ, kí ẹ tẹ́ ẹ sórí aṣọ mímọ́ kí ooru ara rẹ̀ lè jáde. Bí ẹ bá tò ó ní tútù, ọbẹ̀ á ti gbẹ kó tó rọ̀. Bí omi bá sì wà lára rẹ̀, ọbẹ̀ á ṣàn.

Ọbẹ̀ ni kókó iṣẹ́ yìí. Ẹ yọ́ bọ́tà lórí iná kékeré, ẹ din àlùbọ́sà tó kù, kárọ́ọ̀tì, tàtàṣé àti rodo tí ẹ gé wẹ́wẹ́ fún ìṣẹ́jú 5. Ẹ da fúláwà sí i, ẹ rò ó fún ìṣẹ́jú 2 kí òórùn ìyẹ̀fun tútù lè kúrò. Omi ẹran tó lọ́ wọ́ọ́wọ́ọ́ ni kí ẹ wá máa dà sí i díẹ̀díẹ̀, kí ẹ máa rò ó, lẹ́yìn náà mílíìkì. Bí ẹ bá da gbogbo rẹ̀ sí i lẹ́ẹ̀kan náà ní gbígbóná, ẹ̀yìn fúláwà á jinná, inú rẹ̀ á wà ní tútù, yóò sì di kókó. Ẹ jẹ́ kó hó pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ fún ìṣẹ́jú 5. Ẹ ki ṣíbí bọ̀ ọ́, kí ẹ fi ìka fa ìlà sí ẹ̀yìn rẹ̀: bí ìlà náà ò bá padé, ó ti ki tó. Ẹ tọ́ ọ wò kí ẹ tó fi iyọ̀ kankan sí i, torí tòlótòló ọdún ti mu iyọ̀ àti magí tẹ́lẹ̀. Ẹ pa iná, ìgbà yẹn ni kí ẹ tó da ẹran tí ẹ ti fà ya sí i.

Bó bá jẹ́ inú ọbẹ̀ ata ni tòlótòló yín wà, ẹ bu òróró orí rẹ̀ kúrò, kí ẹ fi ààbọ̀ ife ata náà rọ́pò ààbọ̀ ife omi ẹran. Ẹ má bù jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kíkan tòmátò lè mú mílíìkì pínyà, omi lọ́tọ̀, kókó lọ́tọ̀. Ẹran tó ti fírísà jáde gbọ́dọ̀ sùn nínú fíríìjì mọ́jú kó yọ́, kí ẹ sì da omi rẹ̀ nù.

Ẹ fi bọ́tà ra páànù, ẹ tẹ́ ìdajì ànàmọ́ sísàlẹ̀, ẹ da ọbẹ̀ ẹlẹ́ran lé e, kí ẹ to ìyókù sókè kí wọ́n gorí ara wọn bíi páànù òrùlé. Ẹ ra bọ́tà sí i. Ófùn ti gbọ́dọ̀ gbóná dé 180°C. Ẹ fi fọ́ìlì bò ó fún ìṣẹ́jú 20, ẹ ṣí i, kí ẹ yan án fún ìṣẹ́jú 20 sí 25 sí i, títí òkè rẹ̀ yóò fi pọ́n tí ọbẹ̀ yóò sì máa hó títí dé àárín. Ẹni tó bá ní ohun èlò ìwọn ooru, kó kì í bọ àárín: 74°C ló yẹ kó kà. Nínú ófùn gáàsì tí iná rẹ̀ ń ti ìsàlẹ̀ wá, ìdí ló máa ń kọ́kọ́ jó. Ẹ gbé e sí àkàbà òkè, kí ẹ fi páànù òfìfo sí ti ìsàlẹ̀.

Ẹ ò ní ófùn? Ẹ da iyanrìn gbígbẹ tó nípọn tó 3cm sínú ìkòkò ńlá tí ìdí rẹ̀ nípọn, ẹ gbé irin ìgbékalẹ̀ sínú rẹ̀, ẹ dé e, kó gbóná fún ìṣẹ́jú 15. Ẹ gbé páànù sórí irin náà, kí iná kéré, kó lo bíi wákàtí kan. Ẹyin iná èédú díẹ̀ lórí ìdérí irin ni yóò jẹ́ kí òkè rẹ̀ pọ́n, àmọ́ ìta gbangba ni kí ẹ ti ṣe é.

Àwọn kan fẹ́ràn wàrà lórí rẹ̀. Ẹ béèrè wàrà Fúlàní dáadáa, torí àwàrà tí wọ́n ń fi sóyà ṣe ni wọ́n lè gbé fún yín níhìn-ín. Wàrà Fúlàní kì í yọ́ bíi ṣíìsì òyìnbó. Ẹ rún un wẹ́wẹ́, kí ẹ wọ́n ọn sí i tí ẹ bá ṣí fọ́ìlì, yóò pọ́n. Bó bá jinná, ẹ jẹ́ kó sinmi fún ìṣẹ́jú 10 kí ọbẹ̀ lè dì mọ́ra, kí ẹ tó bù ú.