Bí A Ṣe Ń Ṣe Orin Sábẹ́ Fíìmù Olówó Kékeré

Ẹ má fọwọ́ kan dùùrù títí olùdarí yóò fi sọ pé àwọn ti parí gígé àwòrán. Bí wọ́n bá yọ ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́ta péré kúrò nínú ìran tí ẹ ti ṣe orin sí, gbogbo ibi tí ìlù ti yẹ kó balẹ̀ ti yẹ̀ nìyẹn, lọ́fẹ̀ẹ́ lẹ ó sì tún un ṣe.

Ẹ béèrè iye férémù, ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan tó ń tẹ̀ lé ara wọn, tó wà nínú ìṣẹ́jú-àáyá kan: 24, 25 àbí 23.976. Nínú fíìmù oníwákàtí kan, orin tí a fi 24 wọ̀n sí àwòrán 23.976 yóò ti fi ìṣẹ́jú-àáyá 3.6 yẹ̀ kó tó parí.

Lẹ́yìn náà, ẹ jókòó ti olùdarí, kí ẹ kọ ibi tí orin kọ̀ọ̀kan ti wọlé, ibi tó ti jáde àti iṣẹ́ tó wá ṣe. Ẹ fún orin kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà tirẹ̀: 1M1 ni orin àkọ́kọ́, 1M2 ló tẹ̀ lé e. Ẹ kọ ibi tí orin kò gbọdọ̀ wà náà sílẹ̀.

Dùndún ló máa ń ba iṣẹ́ jẹ́ jù, nítorí pé ó ń sọ̀rọ̀. Bí gángan bá ń dún lábẹ́ ọ̀rọ̀ òṣèré, ẹni méjì ni etí Yorùbá ń gbọ́ lẹ́ẹ̀kan náà, bó ti wù kí ẹ rẹ ohùn ìlù náà sílẹ̀ tó. Ẹ jẹ́ kó wọlé nígbà tí òṣèré bá dákẹ́. Ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ náà máa ń bo "s" àti "ṣ" mọ́lẹ̀. Kí ẹ sì tó gbà á sílẹ̀, ẹ bi onílù pé kí ni ìlù rẹ̀ ń wí: bí oríkì ìdílé kan bá bọ́ sábẹ́ ìran ìsìnkú ìdílé mìíràn, àwọn àgbà tó ń wò ó á gbọ́ ọ.

Ẹ fi WAV, ìyẹn fáìlì ohùn tí a kò fún pọ̀, ránṣẹ́, 48 kHz, bit 24. Ẹ ya ìlù, fèrè àti ohùn ènìyàn sọ́tọ̀ọ̀tọ̀, kí gbogbo wọn bẹ̀rẹ̀ lójú kan náà, kí ẹni tó ń po ohùn pọ̀ lè dín ìlù nìkan kù.

Ní ti owó, ẹ kọ àdéhùn: ìdajì kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀, ìdajì kí WAV tó kúrò lọ́wọ́ yín, kí owó onílù dá wà. Bí owó bá kéré, ẹ má ta orin náà pátápátá. Ẹ gbà wọ́n láyè láti lò ó nínú fíìmù yẹn nìkan. Ẹ tún kọ cue sheet, ìyẹn orúkọ orin, ẹni tó kọ ọ́ àti bó ṣe gùn tó, fún ẹgbẹ́ tó ń bá àwọn olórin gba owó orin wọn, tí ẹ forúkọ sílẹ̀ sí, bíi MCSN ní Nàìjíríà tàbí PRS ní Ìlú Ọba. Òun ni wọ́n fi ń mọ ẹni tí wọn ó sanwó fún bí tẹlifíṣọ̀n bá gbé fíìmù náà jáde. Olówó fíìmù ló yẹ kó fi í ránṣẹ́, àmọ́ ẹ bá a kọ ọ́ fúnra yín, torí wọ́n máa ń gbàgbé.