Bí A Ṣe Ń Tòògbé, Tí A sì Ń Lá Àlá, Nínú Ọkọ̀ Ojú Irin Ìgboro

Ẹni tí ọkàn rẹ̀ kò bá balẹ̀ nítorí ibùdókọ̀ tí yóò ti sọ̀ kalẹ̀ kò lè rí òògbé gidi sun, nítorí náà, àtijí ni kí ẹ kọ́kọ́ múra sílẹ̀ fún. Ẹ wo iye ìṣẹ́jú tó kù kí ẹ dé ibi tí ẹ ń lọ, ẹ yọ 3 kúrò nínú rẹ̀, kí ẹ sì fi èyí tó kù sí aago fóònù yín. Ẹ jẹ́ kí fóònù náà máa gbọ̀n nínú àpò tó fara kan àyà, torí pé ariwo irin a máa bo ohùn aago mọ́lẹ̀. Bí ìrìn-àjò náà bá tilẹ̀ gùn, ẹ má jẹ́ kí òògbé náà ju ìṣẹ́jú 20 lọ. Ẹni tó bá sùn fọnfọn sábà máa ń jí pẹ̀lú orí wíwúwo.

Ẹ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, kí ẹ jìnnà sí ẹnu ọ̀nà. Ẹ gbé báàgì sórí itan, kí ẹ sì ti apá bọ okùn rẹ̀. Iṣan ọrùn a máa dẹ̀ bí oorun bá ti ń gbéni lọ, ìdí nìyí tí orí fi máa ń já wálẹ̀ lójijì. Ẹ ká aṣọ kan, kí ẹ fi ti orí.

Ẹ wá di ojú, ẹ máa mí jẹ́jẹ́, kí ẹ sì fi ara sílẹ̀ fún mímì ọkọ̀. Ní ọdún 2011, àwọn olùwádìí ní Yunifásítì Geneva, ní orílẹ̀-èdè Switzerland, fi hàn pé àwọn tó sùn lọ́sàn-án lórí ibùsùn tó ń mì jẹ́jẹ́ tètè sùn ju ìgbà tí ibùsùn náà dúró sójú kan lọ.

Àlá gígùn sábà máa ń dé lẹ́yìn nǹkan bí ìṣẹ́jú 90 tí ènìyàn ti sùn, ṣùgbọ́n bí òògbé bá ṣẹ̀ṣẹ̀ múni, àwòrán kéékèèké a máa yọ lójú ẹni, àwọn ni mo sì fẹ́ràn jù nínú ọ̀rọ̀ yìí. Orúkọ ibùdókọ̀ tí wọ́n ń kéde lè di ohùn ẹni tí a mọ̀. Ẹ má lé wọn, ẹ kàn máa wò wọ́n. Bí ara bá ta gìrì, ẹ má fòyà, kì í ṣe àìsàn.

Nígbà tí fóònù bá gbọ̀n, ẹ má tíì yí ara padà, ẹ má sì tíì lajú. Ẹ di àwòrán tó kẹ́yìn mú, ẹ sọ ọ́ sínú ní gbólóhùn kan, kí ẹ tó kọ ọ́ sílẹ̀, nítorí pé àlá òògbé kì í pẹ́ pòórá. Ẹ ka orúkọ ibùdókọ̀ kí ẹ tó dìde. Bí ẹ bá ti kọjá ibi tí ẹ ń lọ, ẹ sọ̀ kalẹ̀ ní ibùdókọ̀ tó tẹ̀lé e, kí ẹ sì wọ ọkọ̀ tó ń padà.