Wọ́n gba iṣẹ́ ìjọba lọ́wọ́ yín: bẹ́ ẹ ṣe máa gba owó yín

Okun o, ẹ̀yin kọntirátọ̀ wa. Bí lẹ́tà bá dé pé wọ́n ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ yín, ẹ má tíì wọ mọ́tò lọ bá ọnọ́rébù kankan ní Lọ́kọ́ja. Sáìtì ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ lọ, màá sọ ìdí ẹ̀.

Àmọ́ ẹ ka lẹ́tà yẹn dáadáa ná. Tí wọ́n bá ní ẹ̀yin lẹ ò ṣiṣẹ́ bó ṣe yẹ, àwọn náà máa fẹ́ gba owó lọ́wọ́ yín: mobilization (owó tí wọ́n kọ́kọ́ fún yín láti fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́) tẹ́ ẹ ò tíì fi iṣẹ́ san tán, owó ìjáfara tó wà nínú àdéhùn, àti iye tí ẹlòmíì bá fi gbówó lé e kó tó parí iṣẹ́. Tó bá sì jẹ́ pé gómìnà tuntun ló dé tí ò fẹ́ iṣẹ́ náà mọ́, ẹ wò ó bóyá àdéhùn fún wọn láyè láti dáwọ́ ẹ̀ dúró nígbà tó bá wù wọ́n, torí tó bá fún wọn, owó iṣẹ́ tẹ́ ẹ ti ṣe àti owó kíkó ẹrù kúrò lẹ sábà máa rí, èrè tó kù níwájú máa ṣòro gbà. Ẹ tún wò ó bóyá wọ́n kìlọ̀ fún yín kí wọ́n tó gbà á, bí àdéhùn ṣe ní kí wọ́n ṣe.

Ó kan wíwọn iṣẹ́, ibi tí owó wà gan-an nìyẹn. Ká ní kọ́lífáàtì, afárá kékeré tí omi ń gba abẹ́ títì kọjá, lẹ̀ ń ṣe lọ́nà Ìyàrá, ẹ ti di irin, ẹ ti da kọnkéré ìsàlẹ̀ àti ti ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, ó ku ti orí. Ẹlòmíì dé, ó da ti orí, ó da yẹ̀pẹ̀ bò ó, ó gba owó gbogbo ẹ̀. Ta ló máa hú u jáde fún adájọ́? Torí náà ẹ kọ lẹ́tà sí mínísírì, ẹ dá ọjọ́, kí ínjínnìa wọn àti QS yín, ìyẹn ẹni tó ń ṣírò iye owó iṣẹ́, jọ wọ̀n ọ́n, kí àwọn méjèèjì sáìnì. Tí wọn ò bá yọjú, ẹ wọ̀n ọ́n fúnra yín, ẹ fi ìwé ẹ̀ ránṣẹ́, kí wọ́n fi òǹtẹ̀ lu ẹ̀dà tọwọ́ yín. Ẹ gbé téèpù lé irin kẹ́ ẹ tó ya fọ́tò, kí àlàfo tó wà láàárín wọn hàn, kí nǹkan tá a lè fi mọ ibẹ̀ sì wà lẹ́yìn. Ẹ má pa fọ́tò yẹn rẹ́ nínú fóònù o, èyí tẹ́ ẹ fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp kì í gbé ọjọ́ tẹ́ ẹ yà á dání.

Ẹ ka sìmẹ́ńtì àti irin tó ṣẹ́ kù kí òjò tó sọ sìmẹ́ńtì di òkúta. Katapílà tẹ́ ẹ háyà, ẹ dá a padà kíá. Adájọ́ ò ní sanwó oṣù mẹ́ta tó fi jókòó lásán nígbà tẹ́ ẹ lè dá a padà.

Àdánù tó ní iye, rísíìtì ló ń fẹ́: bánkì, dísù, owó lébìrà. (Owó tẹ́ ẹ fi “rí” àwọn kan kẹ́ ẹ tó rí iṣẹ́ náà gbà, ẹ gbàgbé ẹ̀, kò sí rísíìtì ẹ̀.) Tó bá jẹ́ iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, òfin Public Procurement Act 2007 ní tí owó bá kọjá 60 ọjọ́ lẹ́yìn tẹ́ ẹ ti fi invoice (ìwé tẹ́ ẹ fi béèrè owó) sílẹ̀, ó ti pẹ́ nìyẹn, èlé tó wà nínú àdéhùn sì máa gorí ẹ̀.

Tí arbitration bá wà nínú àdéhùn, ìyẹn pé ẹnì kan tẹ́ ẹ jọ yàn ló máa dá ẹjọ́ yín dípò kọ́tù, ẹ má sáré lọ kọ́tù, wọ́n á ní kí adájọ́ dá ẹjọ́ dúró. Tí kò bá sí, High Court ìpínlẹ̀ ni, bó tiẹ̀ jẹ́ àjọ ìjọba àpapọ̀ ló gbé iṣẹ́ fún yín, torí ọ̀rọ̀ kọntiráàtì lásán kì í ṣe ti Federal High Court. Kí lọ́yà yín wò ó bóyá ẹ gbọ́dọ̀ kọ lẹ́tà ìkìlọ̀ kẹ́ ẹ tó pè wọ́n lẹ́jọ́.

Tẹ́ ẹ bá sì jàre, owó ìjọba tó wà lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, ẹ ò lè ní kí kọ́tù dì í mú fún yín láìjẹ́ pé Attorney General fọwọ́ sí i. Ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ fi ń gbà láti jókòó sọ̀rọ̀. Kò burú, àmọ́ tí wọ́n bá gbé ìwé wá pé ẹ ti gba gbogbo owó yín tán nígbà tí ìdajì ni wọ́n san, ẹ má sáìnì. Ẹ kọ ọ́ síbẹ̀ pé ẹ gba èyí lára owó yín, kẹ́ ẹ tó gba ṣẹ́ẹ̀kì.