Bí A Ṣe Ń Kọ Ìwé Mímọ́ Ìmọ́lẹ̀ fún Ayé Àròsọ

Kí ẹ tó kọ ẹsẹ kan ṣoṣo nínú ìwé mímọ́ tí ẹ fẹ́ fi sínú ìtàn yín, ẹ kọ́kọ́ mọ ohun tí àwọn ará ìlú náà ń tàn lálẹ́. Ṣé igi ni? Ṣé ọ̀rá ẹran ni? Ta ló ń tà á, ìgbà wo ló máa ń tán? Ibi tí ọ̀pọ̀ ìwé mímọ́ inú ìtàn àròsọ ti ń kú nìyí: òǹkọ̀wé sọ pé ìmọ́lẹ̀ dára, òkùnkùn burú, ó sì fi ọgọ́rùn-ún ìlà tún un sọ. Ìlú tó wà láàrin aṣálẹ̀ kò ní yin oòrùn bẹ́ẹ̀. Ibòòji ni wọn yóò máa tọrọ.

Ẹ jẹ́ ká fi ìlú kan ṣe àpẹẹrẹ, ká pè é ní Ìsàlẹ̀-Òjìji, tó wà nínú àfonífojì láàrin òkè gíga. Irú ibẹ̀ wà láyé lóòótọ́. Ní Rjukan, ní Nọ́rwèy, òkè máa ń dí oòrùn mọ́ àwọn ará ìlú fún nǹkan bí oṣù mẹ́fà lọ́dún. Ní 1928 wọ́n ṣe ọkọ̀ orí wáyà tó ń gbé wọn gun òkè lọ yá oòrùn; ní 2013 wọ́n gbé dígí ńlá mẹ́ta sókè tó ń da ìtànṣán sí gbàgede ìlú.

Ìsàlẹ̀-Òjìji tiwa kò ní dígí. Fìtílà ọ̀rá ni wọ́n ní. Òtútù máa ń mú kí ọ̀rá dì, nítorí náà wọ́n á kọ́kọ́ gbé fìtílà sẹ́bàá ààrò, ẹnikẹ́ni kò sì ní sọ̀rọ̀ títí ọ̀rá yóò fi yọ́. Ààtò ìsìn wọn àkọ́kọ́ nìyẹn, ẹ kò sì tíì kọ nǹkan kan. Òwú kì í hù nínú irú òtútù bẹ́ẹ̀. Oníṣòwò ló ń gbé e wá láti òkèèrè, ó sì wọ́n. Ẹni tí òwú rẹ̀ kò tó á máa wo ti aládùúgbò. Látinú èyí nìkan, ẹ ti rí orúkọ ìwé náà, Ìwé Òwú, ẹ sì ti rí ẹ̀ṣẹ̀ tó ń bá jà.

Bí òjìji bá gba 180 ọjọ́, ẹ fún ìwé náà ní ẹsẹ 180, ọ̀kọ̀ọ̀kan fún alẹ́ kọ̀ọ̀kan. Ṣùgbọ́n márùn-ún péré ni kí ẹ kọ. Odù Ifá jẹ́ 256, síbẹ̀ kò sí ẹni tó ń retí kí babaláwo kì wọ́n tán ní ìjókòó kan. Ohun tí a kò gbọ́ ló ń jẹ́ ká mọ̀ pé omi náà jìn.

Ẹsẹ àkọ́kọ́ lè lọ báyìí:

Ta ní tan iná?
Òwú ló tan iná.
Kí ní pa iná?
Owú ló pa iná.
Ọ̀rá kò tó, iná ń sunkún;
Ọ̀rá pọ̀ jù, iná rì.
Ẹ gé òwú bí ìdajì èékánná,
Kí èéfín má baà kọ orúkọ wa sára àjà.
Ilẹ̀ ò tíì mọ́;
Ẹni tó bá mọ́ ni kó gbé fìtílà.

Ẹ wò ó pé ìtọ́ni ilé ló wà nínú rẹ̀. Òwú tó bá gùn jù máa ń rú èéfín, ó sì máa ń sọ àjà di dúdú. Èyí tó bá kúrú jù máa ń kú. Ẹ kọ́kọ́ kọ ìtọ́ni tó jẹ́ òótọ́, kí ẹ tó wá fi ẹ̀rù tì í lẹ́yìn. Ìlà méjì tó kẹ́yìn dúró lórí "mọ́": èdè wa ti so ilẹ̀ tó mọ́ àti ènìyàn tó mọ́ pọ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ lò ó, ẹ má ṣe ṣàlàyé rẹ̀ fún òǹkàwé.

Òwú àti owú, ohùn nìkan ló yà wọ́n. Ibí yìí ni ìtàn yín ti lè rí ogun tó máa jà. Ká ní adàwékọ kan kò fi àmì ohùn sí i: "Owu lo tan ina, owu lo pa ina." Ìran tó bá ka ẹ̀dà yẹn á gbà pé ohun kan náà ló ń tan iná, tó sì ń pa á, wọ́n á sì kọ́ ilé ìsìn tiwọn lé e lórí. Àṣìṣe kejì ni ti ojú tó fò. Ìlà mẹ́rin àkọ́kọ́ ló parí sí "iná", adàwékọ tó rẹ̀ máa ń bọ́ láti orí ọ̀kan sórí òmíràn, yóò wá ku "Ta ní tan iná? Owú ló pa iná." Ìbéèrè kò bá ìdáhùn mu mọ́, àlùfáà sì gbọ́dọ̀ wá ìtumọ̀ fún un níwájú ìjọ. Ẹ̀kẹta, ẹnì kan gbàgbé "ìdajì." Odindi èékánná wá di òfin, àjà ilé wọn dúdú, wọ́n sì ń pe dúdú yẹn ní ìbùkún. Ẹ má lo mẹ́tẹ̀ẹ̀ta nínú ìtàn kan. Ọ̀kan tó.

Ohun tó sábà máa ń ba iṣẹ́ yìí jẹ́ ni ohùn àyálò. Bí ẹ bá kọ "ó sì ṣe" tàbí "lóòótọ́, lóòótọ́", Bíbélì ni òǹkàwé gbọ́. Bí ẹ bá kọ "a díá fún", Ifá ló gbọ́, ayé tí ẹ dá sì ti túká. Egungun ẹsẹ Ifá ni kí ẹ mú, kì í ṣe ọ̀rọ̀ rẹ̀: ẹni tó ní ìṣòro, ohun tí wọ́n ní kó ṣe, bóyá ó gbọ́, ohun tó tẹ̀yìn rẹ̀ yọ.

Ẹ kà á sókè. Ibi tí èémí bá ti tán yín láàrin ìlà, ẹ gé e. Lẹ́yìn náà, ẹ kà á sí ẹnì kan létí lẹ́ẹ̀kan péré, kí ẹ sì bi í lọ́jọ́ kejì pé kí ló rántí. Ìlà tí kò rántí, kò dájú pé àwọn ará ìlú yín á rántí rẹ̀ láti ìran dé ìran. Ẹ tún un rọ tàbí kí ẹ yọ ọ́.

Nínú ìtàn fúnra rẹ̀, ìlà mẹ́rin sí mẹ́fà lẹ́ẹ̀kan náà ti tó. Ẹni tó ń gé òwú lọ́wọ́ ni kó máa sọ ọ́, kì í ṣe wòlíì orí òkè.

Bí ẹ̀dà ìwé náà bá fara hàn, ẹ dọ̀tí rẹ̀ síbi tó yẹ. Ọ̀rá máa ń mú kí ìwé hàn gaara, pàápàá ní igun ìsàlẹ̀ tí àtàǹpàkò ń gbá mú. Ewé àkọ́kọ́ á ti fẹ́rẹ̀ẹ́ já, torí alẹ́ àkọ́kọ́ òjìji ni gbogbo ilé máa ń ṣí i. Ewé ẹsẹ 180 á mọ́ tónítóní: lọ́jọ́ yẹn, wọ́n ti rí oòrùn létí òkè, kò sẹ́ni tó dúró kà á parí.